Ọfọ́ọ̀nù, pátíkù tó ń gbé ọfọ̀ rìn nínú ayé Òkè-Ìràwọ̀: ẹ bá mi wá ibi tó ti ń jò

Omo_Kubwa
Ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta o ẹ̀yin ará ilé. Mò ń kọ ìtàn kan lọ́wọ́, tó bá yá màá fi ṣe géèmù, nípa ayé kan tí mo pè ní Òkè-Ìràwọ̀. Níbẹ̀, ọfọ̀ ń ṣiṣẹ́ lóòótọ́, ohun tó sì ń mú un ṣiṣẹ́ ni pátíkù kan tó kéré ju átọ́ọ̀mù lọ, orúkọ ẹ̀ ni ọfọ́ọ̀nù. Tẹ́ni tó mọ̀ ọ́n pè bá pe ọfọ̀, ọfọ́ọ̀nù á jáde lẹ́nu ẹ̀, á lọ bá ẹni tí wọ́n rán an sí, ohun tí wọ́n sọ á sì ṣẹ. Ohun tí mo ti kọ sílẹ̀ nípa ẹ̀ nìyí: kò ní ìwúwo rárá, ó ń sáré bí ìmọ́lẹ̀, ògiri ò lè dá a dúró, irin ò lè dá a dúró, àpáta Zuma gan-an tẹ́ ẹ bá gbé e dí i lọ́nà, á gba inú ẹ̀ kọjá. Lẹ́yìn tó bá ti ṣiṣẹ́ tán á bàjẹ́ fúnra ẹ̀. Kì í sì í ná ẹni tó pè é ní kọ́bọ̀. Àbúrò mi kà á, ó ní ó dùn ṣùgbọ́n nǹkan kan ò jọra níbẹ̀, kò sì lè sọ ohun tó jẹ́. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ físíìsì, ẹ jọ̀ọ́ ẹ tú u wò, ẹ má ṣojú àánú sí mi.

Alhaji_Offa_Gwagwalada
Mo kọ́kọ́ rò pé fóònù tuntun lo fẹ́ tà ni, mo ti ń wá iye tó o ń tà á 😂

IyaIbeji_SabonGari
Ọmọ mi kú iṣẹ́. Aṣọ ni mò ń tà ní Kano níbí o, mi ò ka físíìsì kọjá fọ́ọ̀mù tírì, ṣùgbọ́n jẹ́ kí n bi ẹ́ ní ohun kan. O ní ògiri ò lè dá a dúró, irin ò lè dá a dúró, àpáta ò lè dá a dúró. Kí wá ni yóò dá a dúró lára ẹni tí wọ́n rán an sí? Ṣé ara èèyàn wá le ju àpáta lọ ni?

Tisa_Kaduna
Ẹ ṣeun Màmá Ìbejì, ibẹ̀ gan-an ni àbúrò ẹ̀ ń wò tí kò rí ẹnu sọ. Omo_Kubwa, pátíkù tí ohunkóhun ò lè dá dúró, òun náà ò lè fọwọ́ kan ohunkóhun. Bó ṣe gba inú ògiri kọjá náà ló máa gba inú ọ̀tá kọjá, ọ̀tá á máa jẹ àmàlà ẹ̀ lọ.

Irú ẹ̀ wà nínú ayé tiwa, neutrino ni. Ìtàn ẹ̀ dùn, mo máa ń sọ ọ́ fún àwọn ọmọ SS3 mi. Láyé ìgbà yẹn wọ́n rí i pé tí àwọn átọ́ọ̀mù kan bá ń bàjẹ́, agbára tó ń jáde kì í pé, apá kan ń sọnù ṣáá. Niels Bohr, àgbà ọ̀jẹ̀ nínú wọn nìyẹn o, ti ń rò ó pé bóyá òfin tó ní agbára kì í ṣègbé gan-an ni kò rí bẹ́ẹ̀. Wolfgang Pauli ló wá sọ lọ́dún 1930 pé rárá, pátíkù kan ló ń gbé e sá lọ tá ò rí. Ó di 1956 kí Clyde Cowan àti Frederick Reines tó rí i mú lóòótọ́, ẹ̀gbẹ́ ẹ̀rọ nuclear ńlá kan ní Amẹ́ríkà ni wọ́n lọ dẹ ẹ́ sí, níbi tó ti ń tú jáde yanturu, bẹ́ẹ̀ ìwọ̀nba díẹ̀ báyìí ni wọ́n ń rí láàárín wákàtí kan. Bó o ṣe ń ka ọ̀rọ̀ yìí, àwọn tó ń ti inú oòrùn wá lé ní bílíọ̀nù 60 tó ń gba orí èékánná àtàǹpàkò ẹ kọjá ní ìṣẹ́jú-àáyá kan, ì báà jẹ́ òru, torí pé ilẹ̀ tí à ń tẹ̀ yìí náà kì í dí wọn lọ́wọ́. Ṣé ó dùn ẹ́? Ǹjẹ́ irú ẹ̀ lè pa aṣebi?

Èkejì, o ní kò ní ìwúwo, ó ń sáré bí ìmọ́lẹ̀, o tún ní ó máa ń bàjẹ́. Kò ṣeé ṣe. Ohun tó ń sáré bí ìmọ́lẹ̀, àkókò kì í kọjá lára ẹ̀, ohun tí àkókò ò kọjá lára ẹ̀ ò lè gbó. Fún un ní ìwúwo díẹ̀.

Ẹ̀kẹta ni ti pé kì í náni ní kọ́bọ̀. A máa débẹ̀.

Omo_Kubwa
Ẹ̀gbọ́n Tíṣà ẹ ti tú ilé mi ká o. Tó bá wá jẹ́ pé ó gbọ́dọ̀ kan nǹkan kó tó ṣiṣẹ́, ògiri náà á máa gbà á sílẹ̀ nìyẹn, ẹni tó bá ti wọnú ilé tó tìlẹ̀kùn á bọ́. Ìtàn mi ti kú.

Alhaji_Offa_Gwagwalada
Kò kú. Ẹ̀yin ọmọ ìsinsìnyí ẹ kì í bèèrè lọ́wọ́ àgbà. Kí ni wọ́n kọ́kọ́ máa ń bèèrè lọ́wọ́ ẹni tó bá lọ sọ́dọ̀ oníṣègùn nítorí ẹnìkan? Orúkọ ẹ̀, àti orúkọ ìyá tó bí i. Láìsí ìyẹn wọn ò ní ibi tí wọ́n fẹ́ dojú ẹ̀ kọ. Bí wọ́n ṣe ń ṣe é nílé náà nìyẹn, bí àwọn ará ibí náà ṣe ń ṣe é nìyẹn, ìbáà ṣe Gwari ìbáà ṣe Nupe.

zaria_boy
Wallahi Alhaji ti parí ẹ̀! Ẹ jẹ́ kí n fi físíìsì wọ̀ ọ́ láṣọ. Ohun kan wà tí neutron, ọ̀kan lára àwọn pátíkù tó wà láàárín gbùngbùn átọ́ọ̀mù, máa ń ṣe. Tí neutron bá ń kọjá lára uranium-238, ó lè kọjá wọ́ọ́rọ́wọ́ láìsí wàhálà, àmọ́ tí agbára ẹ̀ bá jẹ́ electronvolt 6.67 gẹ́lẹ́ (electronvolt ni wọ́n fi ń wọn agbára pátíkù), uranium yẹn á gbé e mì káló. Tó bá fi díẹ̀ lé, tó bá fi díẹ̀ dín, á tún máa kọjá lọ ní tiẹ̀. Nítorí náà ọfọ́ọ̀nù lè gba inú gbogbo nǹkan kọjá bó ṣe wù ẹ́, àyàfi ara kan ṣoṣo tó bá a mu. Orúkọ tí wọ́n pè mọ́ ọn lẹ́nu ni yóò yí agbára ẹ̀ sí iye tí ara ẹni yẹn ń gbé mì. Orúkọ ìyá ni yóò mú iye náà ṣe déédéé. Tí wọn ò bá mọ orúkọ ìyá, ó súnmọ́ ọn ṣùgbọ́n kò bọ́ sí i, á kàn gba ara ẹ̀ kọjá ni.

ABU, Yunifásítì Ahmadu Bello ní Zaria, la wà níbí, ẹ̀rọ nuclear kékeré kan wà lọ́dọ̀ wa, NIRR-1, láti 2004 ló ti ń ṣiṣẹ́, kilowatt 31 péré lagbára ẹ̀ nígbà tó bẹ̀rẹ̀, 2018 ni wọ́n gbé uranium olóró tó wà nínú ẹ̀ lọ tí wọ́n fi èyí tí kò lè ṣe bọ́ǹbù rọ́pò ẹ̀. Ìdí tí wọ́n fi ń lò ó gan-an nìyẹn: wọ́n á da neutron bo erùpẹ̀ tàbí òkúta, èròjà kọ̀ọ̀kan inú ẹ̀ á gbé neutron mì, á wá máa tàn bí tiẹ̀ ṣe rí, kálukú á fẹnu ara ẹ̀ jẹ́ orúkọ ara ẹ̀.

Alhaji_Offa_Gwagwalada
Sé ẹ rí i. Ẹ ó máa bú àwọn bàbá yín.

Alamojuto
Mo yọ ìpolówó awúre kan kúrò níbí báyìí o. Físíìsì ìtàn là ń sọ. Ẹni tó bá tún gbé nọ́ńbà fóònù sí i máa bá ẹnu ọ̀nà lọ.

Omo_Kubwa
😂😂 Ẹ ṣeun. Zaria_boy, Ọlọ́run á bù kún ẹ. Mo ti ń kọ ọ́ sílẹ̀. Ó wá kù ohun kan, kí ló dé tó fi jẹ́ pé àwọn kan mọ ọfọ̀ pè tí àwọn mìíràn ò mọ̀ ọ́n? Mi ò fẹ́ kó jẹ́ ẹ̀jẹ̀ ìdílé, ó ti sú mi nínú ìtàn gbogbo.

zaria_boy
Ohùn. Ẹ gbọ́. Nínú proton àti neutron, àwọn méjèèjì tó wà láàárín gbùngbùn átọ́ọ̀mù, pátíkù kéékèèké mẹ́ta-mẹ́ta tí wọ́n ń pè ní quark ló wà níbẹ̀. Murray Gell-Mann àti George Zweig ló dábàá ẹ̀ lọ́dún 1964, kálukú nílé ara ẹ̀. Quark kọ̀ọ̀kan ní ohun kan tí wọ́n ń pè ní àwọ̀, kì í ṣe àwọ̀ tójú ń rí o, orúkọ lásán ni wọ́n fi pè é, mẹ́ta sì ni: pupa, àwọ̀ ewé, búlúù. Ẹ ò lè rí quark kan kó dá wà láéláé. Àfi kí àwọ̀ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta pé kí wọ́n pa ara wọn rẹ́. Àwa náà, ohùn mẹ́ta la ní lẹ́nu, dò, rè, mí. Nítorí náà ẹ jẹ́ kí ọfọ́ọ̀nù ní ẹ̀yà mẹ́ta nínú, ọ̀kan ohùn ìsàlẹ̀, ọ̀kan ohùn àárín, ọ̀kan ohùn òkè. Ẹni tó bá ṣi ohùn kan ṣoṣo gbé nínú ọfọ̀, mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ò pé nìyẹn, afẹ́fẹ́ lásán ló máa jáde lẹ́nu ẹ̀. Ẹ̀kọ́ ni nígbà náà, kì í ṣe ẹ̀jẹ̀, ẹnikẹ́ni tó bá lè fara balẹ̀ kọ́ ọ á mọ̀ ọ́n.

Ogbomoso_Ni_Jos
Tó bá rí bẹ́ẹ̀, dùndún náà lè pe ọfọ̀ nìyẹn! Ohùn lásán ṣáà nìlù ń sọ. Àyàn á wá jẹ́ ọ̀gá gbogbo wọn ní Òkè-Ìràwọ̀, torí ẹnu lè yọ̀, ọ̀pá ìlù Àyàn kì í yọ̀.

Omo_Kubwa
Ah! Mo ti rí orí kejì.

Omo_Fagge
Haba haba haba. Ẹ ṣé kẹ́ ẹ dúró ná. Kano ni wọ́n bí mi sí, Kano ni mo dàgbà sí, Hausa ni mo kọ́kọ́ sọ kí n tó sọ Yorùbá. Hausa, ohùn òkè àti ohùn ìsàlẹ̀ ló ní, pẹ̀lú èyí tó ń ti òkè já wálẹ̀. Ohùn àárín ò sí níbẹ̀. Ṣé ohun tẹ́ ẹ wá ń sọ ni pé ní Òkè-Ìràwọ̀ yín yìí, àwọn tó ń sọ irú èdè bẹ́ẹ̀ ò lè pe ọfọ̀? Ìyẹn ò dáa o. Bẹ́ẹ̀ ni gbogbo ìtàn tí ọmọ Yorùbá bá ti kọ, àwọn nìkan ló máa ń gbọ́n níbẹ̀.

zaria_boy
Má bínú ará mi, físíìsì ti pèsè tìẹ náà sílẹ̀. Kì í ṣe mẹ́ta nìkan ni quark fi ń kó ara wọn jọ. Wọ́n lè jẹ́ méjì, quark kan pẹ̀lú òdì-quark kan, àwọ̀ àti òdì àwọ̀ náà, ìyẹn náà pa ara ẹ̀ rẹ́. Meson là ń pè wọ́n. Kò sí meson kankan tó ń pẹ́ láyé, èyí tó ń jẹ́ pion, tó bá ní chaji iná mànàmáná, iye tó ń lò ò ju ìṣẹ́jú-àáyá kan tí wọ́n pín sí bílíọ̀nù, kí wọ́n mú 26 nínú ẹ̀. Nítorí náà ọfọ̀ olóhùn méjì ń ṣiṣẹ́, ṣùgbọ́n òjijì ni, nítòsí ni, kò lè rìn jìnnà.

Omo_Fagge
Wọ́n tún sọ wá di aláìlera.

Tisa_Kaduna
Rárá o, zaria_boy ò sọ ibi tó dùn jù níbẹ̀. Proton inú átọ́ọ̀mù, gbogbo wọn ló ní chaji kan náà, ó yẹ kí wọ́n máa tì ara wọn dànù. Kí ló so wọ́n pọ̀? Hideki Yukawa, ará Japan, sọ lọ́dún 1935 pé pátíkù kan ló yẹ kó máa sáré lọ sáré bọ̀ láàárín wọn tó ń dì wọ́n mú. Lọ́dún 1947 wọ́n rí i: pion náà ni. Ẹlẹ́ni-méjì tí kì í pẹ́ láyé yìí ló ń so ẹlẹ́ni-mẹ́ta pọ̀. Tí kò bá sí, kò sí átọ́ọ̀mù kankan tó ju hydrogen lọ, kò sí irin, kò sí èèyàn. Nítorí náà ní Òkè-Ìràwọ̀, àkójọ ọfọ̀ olóhùn mẹ́ta kankan ò lè dúró lójú kan láìsí olóhùn méjì tó ń dì í mú. Àgbà ọlọ́fọ̀ tó bá fẹ́ ṣe nǹkan ńlá gbọ́dọ̀ lọ wá ẹni tó ń sọ èdè kejì.

Omo_Fagge
Toh. Tíṣà, ọjọ́ yín á dalẹ́. Èmi náà á ra géèmù yẹn.

Alhaji_Offa_Gwagwalada
Ti àdó àti ìwo ńkọ́? Gbogbo ẹ ń sọ ẹnu, ẹnu. Ọfọ̀ tí wọ́n ti pè sínú ìwo láti ọdún tó ti pẹ́, tí wọ́n á tún fi lahọ́n lónìí tó máa jẹ́, kí ló tọ́jú ẹ̀ tí kò fi bàjẹ́?

Tisa_Kaduna
Alhaji ẹ ti fọwọ́ kan ohun tí mo fẹ́ràn jù nínú gbogbo físíìsì. Neutron tó bá dá nìkan wà, nǹkan bí ìṣẹ́jú 15 ló máa ń lò, á bàjẹ́ di proton. Neutron yẹn kan náà, tó bá wà nínú iron tàbí nínú oxygen, kò ní bàjẹ́ títí ayé. Ibi tó wà ni kò gbà fún un láti bàjẹ́: bíbàjẹ́ níbẹ̀ máa ná an ní agbára tí kò ní. Ìwo yín náà nìyẹn. Tí ọfọ́ọ̀nù bá wà nínú ìwo tàbí àdó pẹ̀lú àwọn èròjà tó bá a mu, ó ń bẹ níbẹ̀ fún ọmọ-ọmọ. Tí wọ́n bá ti tú u sílẹ̀, ìṣẹ́jú 15 ló ní.

Ìyẹn á bá ẹ ṣe ohun kan sí i, Omo_Kubwa. Torí o ti fún un ní ìwúwo, kò sáré bí ìmọ́lẹ̀ mọ́. Ká ní èyí tí ẹnu ọmọṣẹ́ tú jáde ń sáré kìlómítà 100 láàárín wákàtí kan, kìlómítà 25 ló máa rìn kó tó bàjẹ́. Ọfọ̀ tí wọ́n pè ní Kubwa ò ní kọjá àárín ìlú Abuja nìyẹn.

Ogbomoso_Ni_Jos
Ó ti yára ju mọ́tò lọ ní aago méje àárọ̀ ọjọ́ Mọ́ńdè 😅

Tisa_Kaduna
Àwọn àgbà ẹ̀ ni kó o jẹ́ kí wọ́n lè tì í súnmọ́ eré ìmọ́lẹ̀. Tó bá ti débẹ̀, ọjọ́ ayé ẹ̀ á gùn lójú àwa tó ń wò ó. Muon, pátíkù kan tó jọ electron ṣùgbọ́n tó wúwo jù ú lọ, ni ẹ̀rí. Láti nǹkan bíi kìlómítà 15 lókè ló ti ń wá, ìṣẹ́jú-àáyá kan tí wọ́n pín sí mílíọ̀nù, kó mú 2.2 nínú ẹ̀, ìyẹn lọjọ́ ayé ẹ̀. Tẹ́ ẹ bá ṣírò ẹ̀ lọ́nà gbẹ̀fẹ́, kò yẹ kó rìn ju mítà 660 lọ, bẹ́ẹ̀ ó ń dé ilẹ̀ lọ́pọ̀lọpọ̀, torí eré tó ń sá fa àkókò ẹ̀ gùn. Ó tiẹ̀ ń wọ inú òkúta. Lọ́dún 2017 òun ni wọ́n fi rí ihò ńlá kan tó fara sin nínú pyramid Khufu ní Íjíbítì láìgbẹ́ nǹkan kan.

Ogbomoso_Ni_Jos
Àwa tá a wà lókè Jos níbí, muon tiwa pọ̀ ju tiyín lọ nìyẹn, torí a súnmọ́ òkè.

Tisa_Kaduna
Bẹ́ẹ̀ ni. Ó yá, ẹ jẹ́ ká dé orí owó. Omo_Kubwa, ta ló ń san án?

Omo_Kubwa
Ẹ̀gbọ́n ẹ ṣàánú mi. Ẹ ti gba ìmọ́lẹ̀ lọ́wọ́ mi, ẹ gba ògiri, ẹ jẹ́ kí ọfọ̀ ṣáà jẹ́ ọ̀fẹ́. Tí akọni mi bá ní láti máa sanwó ní gbogbo ìgbà tó bá fẹ́ gbé òkúta, ìtàn náà ò ní yára.

IyaIbeji_SabonGari
Ta ló máa bẹ̀rù akọni tí nǹkan kan ò ná? Tí mo bá lè pa gbogbo ọ̀tá mi lọ́fẹ̀ẹ́, ojú ewé kejì ni ìtàn yẹn máa parí sí.

Tisa_Kaduna
Màmá ti gbà á lẹ́nu mi. Àbá tèmi: kó gba ooru inú yàrá. Yàrá kan tó fẹ̀ ní mítà 4 sí 4, tó ga ní mítà 3, afẹ́fẹ́ inú ẹ̀ tó nǹkan bí kílò 58. Tẹ́ ẹ bá gba dígírì kan péré kúrò lára ẹ̀, nǹkan bíi kilojoule 58 (òṣùwọ̀n agbára nìyẹn) lẹ rí yẹn. Ẹni bá wọ yàrá tí wọ́n ti pe ọfọ̀, á mọ̀, á ti tutù.

zaria_boy
Ẹ̀gbọ́n, òfin kejì thermodynamics, ìmọ̀ nípa ooru àti iṣẹ́, ńkọ́? Ẹ ò lè kàn fa ooru láti ibì kan ṣoṣo kẹ́ ẹ sọ gbogbo ẹ̀ di iṣẹ́. Àfi kí ibi tó tutù jù ú lọ wà tẹ́ ẹ máa da ìyókù sí.

Tisa_Kaduna
Mo mọ̀, mò ń wò ó bóyá ẹnì kan máa mú mi ni. Nítorí náà ọlọ́fọ̀ nílò ibi gbígbóná àti ibi tútù lẹ́ẹ̀kan náà. Níbo lẹ ti lè rí irú ẹ̀? Ọyẹ́! Kano nínú oṣù kìíní, ọ̀sán lè jẹ́ dígírì 30, òru á lọ sí 13. Ká ní ọlọ́fọ̀ ti ilé tó fi amọ̀ mọ, tí ooru ọ̀sán ṣì wà nínú ògiri ẹ̀, ó wá ṣí fèrèsé sí òtútù òru. Gẹ́gẹ́ bí òfin tí Sadi Carnot gbé kalẹ̀ lọ́dún 1824, èyí tó pọ̀ jù tó lè rí lò nínú ooru yẹn ò tó ìdá 6 nínú 100. Nínú kilojoule 58, nǹkan bíi 3 ló bọ́ sí i lọ́wọ́. Kékeré kọ́ o: ó tó láti gbé èèyàn tó wọ̀n ní kílò 70 sókè ní mítà 4 ó lé. Àmọ́ lásìkò tí òru bá gbóná bíi ti ọ̀sán, ọlọ́fọ̀ ò lè gbé adìẹ.

Ogbomoso_Ni_Jos
Ìdí nìyẹn tí wọ́n fi ń ṣèpàdé lóru!

Omo_Kubwa
Ẹ dúró. Ìyẹn ni pé ní Òkè-Ìràwọ̀, ìgbà ọyẹ́ nìgbà ogun. Gbogbo ìlú á máa to ògiri amọ̀ tó nípọn torí ìyẹn ni ìbọn wọn. Ẹni tó bá ti rí i pé eruku ń bọ̀ láti òkè aṣálẹ̀ á ti máa kó ọmọ ẹ̀ wọlé... Ó dáa, ẹ gba ọ̀fẹ́ yín, mo ti rí ohun tó dáa jù ú lọ.

IyaIbeji_SabonGari
Ó kù síbì kan tí ò yé mi. Ẹ ní orúkọ àti orúkọ ìyá ni yóò jẹ́ kó bọ́ sí ara ẹni. Ìbejì ni mo bí. Ìyá kan náà ni wọ́n ní, ọjọ́ kan náà ni wọ́n bí wọn. Gbogbo ìbejì ilẹ̀ Yorùbá, Táíwò ni, Kẹ́hìndé ni. Tí wọ́n bá rán ọfọ̀ sí Táíwò, ti Táíwò wo? Ti ọ̀dọ̀ tèmi ní Sabon Gari ni tàbí ti ọ̀dọ̀ Alhaji?

Alhaji_Offa_Gwagwalada
Lóòótọ́, Táíwò kan wà lọ́dọ̀ mi, ẹ fi í sílẹ̀ o.

zaria_boy
Màmá!! Ẹ mọ̀ pé electron kan ò yàtọ̀ sí èkejì rárá? Kò sí bẹ́ ẹ ṣe lè fàmì sí ọ̀kan lára. Tí orúkọ bá jẹ́ ohun tí ọfọ́ọ̀nù ń wò, gbogbo Táíwò jẹ́ ọ̀kan náà lójú ẹ̀, ọfọ̀ náà á pín ara ẹ̀ káàkiri gbogbo wọn, èyí tó máa kan ẹnì kọ̀ọ̀kan ò ní tó nǹkan kan. Wọ́n á kàn sín lẹ́ẹ̀kan náà.

Tisa_Kaduna
Orúkọ àmútọ̀runwá di ìhámọ́ra. Àìná, Ìgè, Òjó, Dàda, gbogbo wọn ló bọ́ sínú ẹ̀ dé ìwọ̀n. Ṣùgbọ́n orúkọ ìyá ṣì ń ya àwọn yẹn sọ́tọ̀. Ìbejì ló le jù, torí tí wọ́n bá tilẹ̀ fi orúkọ ìyá kún un, ara méjì tó bá a mu ṣì wà níbẹ̀, kò ní mọ èyí tí yóò wọ̀.

Omo_Kubwa
Mo ti ń wá ìdí tí akọni mi ò fi ní tètè kú látìgbà tí mo ti bẹ̀rẹ̀. Ìbejì ni, mo ti yí i. Àwọn ọ̀tá ẹ̀ mọ̀ pé kí ọfọ̀ tó ràn án, wọ́n gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ pa ìkejì ẹ̀ pẹ̀lú idà, láìlo ọfọ̀ rárá. Orí kẹta nìyẹn. Màmá, ẹ ó gba ẹ̀dà tiyín lọ́fẹ̀ẹ́.

IyaIbeji_SabonGari
Mo gbà. Ṣùgbọ́n wò ó, tó o bá pa Kẹ́hìndé nínú ìwé yẹn, má bá mi sọ̀rọ̀ mọ́ o.